Ìgò Tí Wọ́n Sin Sẹ́yìn Ilé Ògúndìran

Ọdún méje gbáko ni Àbíkẹ́ fi bá ilẹ̀ sọ̀rọ̀. Ilẹ̀ tí à ń wí yìí kò ju ìgbọ̀nwọ́ kan lọ. Wọ́n to búlọ́ọ̀kù mẹ́rin yí i ká ní ẹ̀yìn ilé Ògúndìran ní Ìbà, lábẹ́ igi máńgòrò kan tí kì í so dáadáa. Ní òwúrọ̀ ọjọ́ Àìkú, kí ó tó wọ aṣọ funfun lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì, Àbíkẹ́ yóò gbéra láti Okokomaiko, yóò ta omi tútù sílẹ̀ níbẹ̀, yóò kúnlẹ̀, yóò sì ròyìn ọ̀sẹ̀ fún ọkọ rẹ̀. Bọ́lánlé ọmọ wọn ti gba ipò kejì ní kíláàsì. Òjò ti ṣí páànù ẹ̀yìn ilé. Ẹ̀rọ ìránṣọ já okùn, wọ́n ti bá a so ó. Kò sí ọjọ́ kan tí ilẹ̀ dá a lóhùn, kò sì bínú sí i. Ohun tó gbàgbọ́ ni pé ẹni tó wà níbẹ̀ ń gbọ́.

Ẹni náà ni Gbádébọ̀ Ògúndìran. Ajórin ni, èyí tí àwa ará Èkó ń pè ní wẹ́dà. Ọmọ ọdún mẹ́sàn-án ni nígbà tí géètì irin ilé bàbá rẹ̀ wó lu ọwọ́ òsì rẹ̀. Èékánná àtàǹpàkò ṣí kúrò tẹ̀jẹ̀tẹ̀jẹ̀, kò sì hù mọ́ títí tó fi dàgbà. Ìka náà ń tì í lójú. Bí àlejò bá wọlé, kíá ni yóò ti kì í bọ àpò ṣòkòtò. Àbíkẹ́ a máa fi ṣe yẹ̀yẹ́ fún un pé: "Bàbá Bọ́lá, ẹ mú ọmọ orí pípá yẹn jáde, kí ó gba atẹ́gùn. Ooru á pa á nínú àpò." Gbádébọ̀ yóò rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n kò ní yọ ọ́.

Ní ọdún 1983, ẹnìkan ránṣẹ́ pè é sí Kútọnu pé kí ó wá jó irin òrùlé ilé ìkẹ́rùsí kan. Oṣù mẹ́ta ló dá fún ìyàwó rẹ̀. Oṣù mẹ́ta di oṣù mẹ́fà, lẹ́tà méjì péré ló sì dé. Nígbà tó di ọdún kejì, ìjọba ti bọ́dà, ọ̀nà Bàdágírì pa lọ́lọ́, lẹ́tà kò sì wá mọ́.

Ọjọ́ Ẹtì kan ní oṣù kẹsàn-án ni ẹ̀gbọ́n Gbádébọ̀, Bánkọ́lé, tí ń fi ọkọ̀ akẹ́rù ná ọ̀nà náà, wọlé pẹ̀lú ojú pípọ́n àti ìgò kọfí kan tó fi aṣọ funfun wé. Ó ní ibà ló pa á. Ó ní kò ju ọjọ́ mẹ́ta lọ tó fi ṣàìsàn. Wọ́n ti sin ín sí ọ̀hún, nítorí ta ni yóò gbé òkú kọjá lójú ṣọ́jà nígbà tí bọ́dà wà ní títì? Ohun tí òun rí gbà, tí òun gbé gba ọ̀nà igbó wá sílé, ni irun orí rẹ̀ àti èékánná ọwọ́ rẹ̀.

Kò sí ẹni tó bi í ní ìbéèrè kejì. Bí a ṣe ń ṣe é láti ọjọ́ pípẹ́ nìyẹn. Ẹni tó bá kú sájò, tí apá kò sì ká òkú rẹ̀, irun àti èékánná rẹ̀ ni à ń gbé wálé wá sin, kí ó lè mọ ọ̀nà ilé, kí ó má baà di alárìnkiri. Bánkọ́lé ní èèwọ̀ ni kí obìnrin ṣí ìgò náà. Àbíkẹ́ kò ṣí i. Ìyá wọn, Ìyá Àríkẹ́, kò tilẹ̀ fojú kàn án, nítorí òbí kì í wo ìsìnkú ọmọ rẹ̀. Inú yàrá ni wọ́n tì í mọ́, tó ń ké bí ẹni tí wọ́n ń já ní ìfun, nígbà tí àwọn ọkùnrin ilé gbẹ́lẹ̀, tí wọ́n gbé ìgò náà sí i, tí wọ́n sì sọ fún un pé ó di gbéré, ó di ojú àlá.

Wọ́n fá orí Àbíkẹ́. Òun tí ń rán yunifọ́ọ̀mù fún àwọn ọmọ ṣọ́jà ní báráàkì Ọ̀jọ́ ló fi ẹ̀rọ ara rẹ̀ rán aṣọ dúdú tó wọ̀. Ó lo ogójì ọjọ́ lórí ẹní ní Ìbà, ó sì fi ọdún kan gbé aṣọ dúdú náà kiri. Ọmọ ọgbọ̀n ọdún ni.

Lẹ́yìn tó bọ́ aṣọ opó, tíṣà kan ní báráàkì, ọ̀gbẹ́ni Adétòkunbọ̀, yọjú lẹ́ẹ̀mẹta. Ọkùnrin pẹ̀lẹ́ ni, Bọ́lánlé fẹ́ràn rẹ̀. Àbíkẹ́ kò fẹ́ dá ìpinnu ṣe, ó gbé ọ̀rọ̀ lọ bá woòlíì ṣọ́ọ̀ṣì rẹ̀. Woòlíì dijú, ó gbọ̀n, ó sì ní òun rí ọkùnrin kan nínú aṣọ funfun tó ní kí wọ́n sọ fún ìyàwó òun pé òun ń ṣọ́ ọ, kí ó má gba ẹlòmíràn láyè. Àbíkẹ́ dúpẹ́, ó tan àbẹ́là méje, ó sì dá tíṣà lóhùn pé rárá. Tíṣà fẹ́ ẹlòmíràn. Ọmọ mẹ́ta ló ti bí. Àbíkẹ́ ló rán yunifọ́ọ̀mù àkọ́bí rẹ̀.

Bẹ́ẹ̀ ni nǹkan wà títí di ọ̀sẹ̀ tó ṣáájú Iléyá ní ọdún 1991, nígbà tí Fàúsátù, ìyá Jẹ̀lílì, tí ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ àti ti Àbíkẹ́ wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn ní Okokomaiko, wọlé láìkágò.

"Ìyá Bọ́lá, fi ẹ̀rọ yẹn sílẹ̀."

"Yunifọ́ọ̀mù mẹ́fà ló kù tí mo fẹ́ fi jíṣẹ́, Ìyá Jẹ̀lílì."

"Mo ní fi sílẹ̀."

"Kí ló dé? Ṣé àgbò tí ẹ lọ rà ló já mọ́ yín lọ́wọ́ ni?"

"Ìbá jẹ́ àgbò ló já, ìbá sàn. Mo rí Bàbá Bọ́lá."

Ẹsẹ̀ Àbíkẹ́ dúró lórí ẹ̀rọ. "Bàbá Bọ́lá wo?"

"Bàbá Bọ́lá mélòó lo ní? Ní Àlàbá Rago, lẹ́yìn ibi tí àwọn Hausa ń so àgbò mọ́. Ó ń jó irin ọgbà ẹran. Ó ṣí dígí ojú rẹ̀, ó nu òógùn. Kí n tó wo ojú rẹ̀ ni mo ti rí àtàǹpàkò. Mo fẹ́ kí i, ahọ́n mi lẹ̀ mọ́ àjà ẹnu. Owó àgbò ni mo san, mo gbàgbé àgbò sọ́hùn-ún!"

Láti ilé Ògúndìran ní Ìbà dé Àlàbá Rago, ẹni tí kò bá rìn kánjú kò ní rìn ju wákàtí kan lọ.

Ọ̀dọ̀ Bánkọ́lé ni Àbíkẹ́ kọ́kọ́ sáré lọ. Bánkọ́lé gbọ́ ọ, ó fi ọwọ́ pa irùngbọ̀n rẹ̀, ó wá mí kanlẹ̀.

"Ìyàwó, ṣé o sọ fún ẹlòmíràn?"

"Rárá, bọ̀dá mi."

"O ṣeun. Àkúdàáyà ni."

Kò sí ẹni tí kò mọ ohun tó ń jẹ́ bẹ́ẹ̀. Ẹni tó bá kú kí ọjọ́ rẹ̀ tó pé, ọ̀run kò ní gbà á wọlé, ilé kò sì ní gbà á padà. Yóò lọ máa gbé ìlú tí ẹnikẹ́ni kò ti mọ̀ ọ́n, yóò ṣiṣẹ́, yóò fẹ́yàwó, yóò bímọ, títí ọjọ́ tí a dá fún un yóò fi pé. Ṣùgbọ́n bí ẹni tó mọ̀ ọ́n láyé àkọ́kọ́ bá kò ó lójú, tó sì pè é lórúkọ, ó parí. Yóò pòórá. Ìyá bàbá Àbíkẹ́ ti sọ irú ìtàn bẹ́ẹ̀ fún un rí, kò sì fìgbà kan rò pé irọ́ ni.

"Nítorí náà, má lọ síbẹ̀," ni Bánkọ́lé wí. "Bí o bá lọ pè é, ìwọ lo pa á lẹ́ẹ̀kejì. Ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ á wà lọ́rùn ẹ."

Woòlíì náà sọ bákan náà, láìjẹ́ pé Àbíkẹ́ tíì la ẹnu. Ó jọ ọ́ lójú nígbà náà. Ẹ̀yìn ìyẹn ló wá rántí pé òun rí ọkọ̀ akẹ́rù Bánkọ́lé níwájú ṣọ́ọ̀ṣì ní ọjọ́ kan ṣáájú.

Ẹni tó bá fẹ́ fi Àbíkẹ́ rẹ́rìn-ín kí ó rọra. Fún ọjọ́ mélòó kan, ayọ̀ ló bá a. Ó rò pé, nínú gbogbo ìlú tó wà láyé, ìtòsí òun ni ọkọ òun yàn láti wá gbé. Ó pinnu pé òun kò ní pè é, òun kàn fẹ́ dúró lókèèrè kí òun rí i. Ó mú Fàúsátù dání, tí yóò sì gba àgbò tó gbàgbé.

Ọ̀sán gangan ni wọ́n dé ibẹ̀. Òórùn ìgbẹ́ àgbò àti èéfín irin jíjó ni ó ń fẹ́. Ó rí i. Ó ti sanra díẹ̀. Obìnrin kan tí oyún inú rẹ̀ ti ga dúró tì í, ó gbé abọ́ oúnjẹ lọ́wọ́, ó ń fi èdè Ègùn bá a wí, Gbádébọ̀ sì ń rẹ́rìn-ín, ó ní òun ń bọ̀, òun ń bọ̀. Ó wá gbójú sókè. Ojú òun àti ti Àbíkẹ́ ṣe mẹ́rin.

Kò pòórá. Ṣe ni ó ki ọwọ́ òsì bọ àpò.

Ohun tó la Àbíkẹ́ lójú nìyẹn. Òkú wo ni ìka ń tì lójú? Èwo nínú àwọn tí ilẹ̀ ti jẹ ló ń rántí kí ó fi àtàǹpàkò pamọ́ fún ìyàwó?

"Bàbá Bọ́lá!"

Gbádébọ̀ sọ irin ọwọ́ rẹ̀ sílẹ̀, ó yí ẹ̀yìn padà, ó sì gba àárín àwọn àgbò kọjá lọ. Kò sáré o. Ó rọra ń rìn, orí rẹ̀ dúró ṣánṣán, bí ẹni tó ti gbọ́ bí àkúdàáyà ṣe ń rìn. Ṣùgbọ́n àgbò kan kàn án nítan, ó sì pariwo "Yéè!"

"Ìyẹn náà pòórá ni?" ni Fàúsátù bi afẹ́fẹ́.

Ní ọjọ́ kejì, ṣọ́ọ̀bù ajórin náà ṣófo. Ní ọjọ́ kẹta, Bánkọ́lé dé Okokomaiko, ó dúró sí ẹnu ọ̀nà, kò jókòó.

"Ṣé mo sọ fún ẹ àbí n kò sọ? Ó ti lọ. O pè é, o lé e. Àwọn àgbà ilé ti gbọ́. Lọ́jọ́ Àbámẹ́ta, wá sí Ìbà. Gbé aṣọ dúdú rẹ dání. Ogójì ọjọ́ ni wàá tún jókòó."

"Opó, bọ̀dá mi? Lẹ́ẹ̀kejì?"

"Ẹ̀ẹ̀mejì ló kú. Ẹ̀ẹ̀mejì ni wàá ṣe é."

Ó lọ. Àbíkẹ́ jókòó, ó mú òwú sí abẹ́rẹ́, kò wọlé. Kì í ṣe ìbànújẹ́, ìbínú ni, irú èyí tí kì í jẹ́ kí ènìyàn rí ojú abẹ́rẹ́ fi òwú sí. Ó ka gbogbo rẹ̀ lọ́kàn: orí tí wọ́n fá, ọdún kan nínú aṣọ dúdú, àbẹ́là méje, tíṣà, àti Bọ́lánlé tí wọ́n kọ́ láti kékeré pé kí ó kúnlẹ̀ kí búlọ́ọ̀kù mẹ́rin pé "Ẹ káàárọ̀, bàbá mi." Gbogbo ìyẹn, ọkùnrin kan sì wà ní Àlàbá tó ń jẹun gbígbóná. Wọ́n tún ní kí òun wá fá orí sí i! Wọ́n gba ìgbàgbọ́ òun lọ́wọ́ òun, wọ́n fi nu ẹsẹ̀, wọ́n sì tún dá a padà pé kí òun máa fi bojú.

Lọ́jọ́ Àbámẹ́ta, ó dé Ìbà. Àwọn àgbà ilé márùn-ún jókòó lábẹ́ igi máńgòrò. Ìyá Àríkẹ́ wà lórí àpótí rẹ̀, ojú rẹ̀ ti ṣú nígbà yẹn, òjìji ènìyàn nìkan ló ń rí. Òun náà ti ń ta omi síbẹ̀ ní àràárọ̀ láti ọdún méje.

"Aṣọ dúdú dà?" ni Bánkọ́lé bi í.

Àbíkẹ́ tú ẹrù rẹ̀. Ọkọ́ ni ó wà níbẹ̀. Ó kọjá lára Bánkọ́lé, ó lọ kúnlẹ̀ síwájú ìyá ọkọ rẹ̀.

"Ìyá mi, ọwọ́ yín ni mo ti fẹ́ gba àṣẹ. Mo fẹ́ hú ìgò yẹn."

Ariwo sọ. Bánkọ́lé fò dìde. "Èèwọ̀! Ìyá, ẹ má dá a lóhùn. Orí rẹ̀ ti yí. Ta ló ń hú òkú?"

"Bánkọ́lé, jókòó," ni Ìyá Àríkẹ́ wí.

"Ìyá, ẹ kò mọ ohun tí…"

"Mo ní jókòó. Ọdún méje ni mo ti ń fún ilẹ̀ yẹn lómi. Bí mo bá fẹ́ mọ ẹni tó ń mu ún, èèwọ̀ ta ni? Hú u, ìyàwó mi."

Ìgò náà kò jìn. Aṣọ tó wé e ti jẹrà, ṣùgbọ́n ọmọrí irin ìgò ti dípẹtà mọ́ ẹnu rẹ̀, omi kò wọ inú rẹ̀. Àbíkẹ́ fi ọkọ́ gbá ọmọrí náà yí, ó ṣí i, ó sì da ohun tó wà níbẹ̀ sórí ìró Ìyá Àríkẹ́. Ìdì irun kan ni, àti èékánná tí wọ́n gé ní ìrísí oṣù tuntun.

Ìyá àgbà náà tọ́jú irun sí ẹ̀gbẹ́ kan. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í fi ọwọ́ wá èékánná lọ́kọ̀ọ̀kan. Ó kà wọ́n, ó tún wọn kà. Ó wá mú méjì tó fẹ̀ jù nínú wọn, ó gbé wọn sí àtẹ́lẹwọ́.

"Mẹ́wàá ni," ló wí. "Àtàǹpàkò méjì. Ẹ̀yin tí ẹ ríran, ẹ wá wò ó, ṣé irọ́ ni mo pa?"

Àgbà kan wò ó. "Mẹ́wàá ni, Ìyá."

"Ẹnu mi ni mo fi fa ẹ̀jẹ̀ ìka Gbádébọ̀ lọ́jọ́ tí géètì wó lù ú. Apá mi ló sùn lé mọ́jú. Èékánná mẹ́sàn-án ló gbé kúrò nílé yìí. Kútọnu ló ti wá hù ún?" Ó na ọwọ́ síwájú. "Bánkọ́lé. Mú ọwọ́ rẹ wá."

Bánkọ́lé, ọkùnrin ẹni ọdún mẹ́tàdínláàádọ́ta, fi ọwọ́ méjèèjì sẹ́yìn, gẹ́gẹ́ bí àbúrò rẹ̀.

"Ha," ni Ìyá Àríkẹ́ wí, ohùn rẹ̀ kò sì ga. "Ìwọ ni. Ìwọ ni mo ń jí fún. Ìwọ ni mo ń bẹ̀ pé kí o má jẹ́ kí n pẹ́ kí n tó wá bá ọ. Ìwọ ni wọ́n sọ fún pé ó di gbéré."

Ọ̀rọ̀ yìí ló wọ Bánkọ́lé lára. Òun tó fi àkúdàáyà ṣeré, tó rò pé ìtàn àwọn obìnrin ni, kò tíì ronú kan ohun tó fi ọwọ́ ara rẹ̀ ṣe rí. Irun orí rẹ̀, èékánná rẹ̀, láàyè rẹ̀, ni wọ́n gbé sínú ilẹ̀ baba rẹ̀, tí gbogbo ilé sì dárò fún. Ó na ọwọ́ sí ìgò. Àbíkẹ́ ti kó gbogbo rẹ̀ padà sínú rẹ̀, ó ti dé e.

"Fún mi, ìyàwó. Jọ̀ọ́."

"Ẹ kọ́kọ́ fi ẹnu yín sọ ọ́, bọ̀dá mi. Létí gbogbo ilé. Kí ni mo jẹ́?"

Bánkọ́lé wo ilẹ̀. "Ó wà láàyè. Òun ló ní kí n sọ bẹ́ẹ̀. Ó ní àwọn àna rẹ̀ ní Kútọnu kò ní fún ẹni tó ti níyàwó lọ́mọ. Ó ní bí mo bá sọ pé òun kọ̀ ẹ́, Ìyá á gégùn-ún fún òun, pé ikú kò ní ẹjọ́. Nígbà tó padà wálé, kò mọ bí yóò ṣe jí."

"Ibo ló wà báyìí?"

"Bàdágírì."

"N kò bi yín kí n lè lọ," ni Àbíkẹ́ wí. "Opó kọ́ ni mí, n kò sì ṣe opó kankan mọ́. Ẹ lọ mú un wá síwájú Ìyá, kí ó fi ẹnu ara rẹ̀ kí wọn. Lọ́jọ́ náà ni ẹ máa rí ìgò yín gbà."

Ó gbé ìgò náà lọ sí Okokomaiko, ó sì gbé e sórí pẹpẹ ṣọ́ọ̀bù, láàárín àwọn òwú. Gbogbo ẹni tó wọlé ló ń béèrè ohun tó wà nínú rẹ̀. "Bùrọ̀dá ọkọ mi ni," ni yóò wí, yóò sì máa gé aṣọ lọ. Bánkọ́lé kò ní fi ọkọ̀ rẹ̀ kọjá ní òpópónà Bàdágírì kí ó má rọra níwájú ibẹ̀, kí ó na ọrùn wò ó bóyá ọmọrí rẹ̀ ṣì dé. Àwọn mìíràn tilẹ̀ ní ó ń rù.

Kò pé oṣù kan tí Gbádébọ̀ fi dé Ìbà. Àbíkẹ́ kò lọ. Ó fún Fàúsátù ní ìgò náà pé kí ó bá òun gbé e lọ. Ọ̀sán ni Fàúsátù padà, tó jókòó sórí àga oníbàárà, tó ń fi gèlè nu ojú.

"Ìyá ní kí ó mú ọwọ́ òsì wá. Ó di ìka náà mú títí. Nígbà tó yá, ó gbá a létí. Ó tún dì í mú."

"Ó dáa bẹ́ẹ̀."

"Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ gba ìgò, ó sá wọ inú ilé." Fàúsátù ká gèlè náà sórí itan. "Ọkùnrin yẹn ní kí n kí ẹ."

Àbíkẹ́ mú yunifọ́ọ̀mù kan, ó tẹ́ ẹ sábẹ́ abẹ́rẹ́, ó wo ojú rírán rẹ̀ dáadáa.

"Òkú kì í kí ènìyàn, Ìyá Jẹ̀lílì," ló wí, ó sì tẹ ẹsẹ̀ mọ́ ẹ̀rọ.